Kí ni àwọn Tamil rí nínú fíìmù ẹbí àwọn ará Ìránì?

ÌBÉÈRÈ

Níbi iṣẹ́ ni ọ̀rọ̀ yìí ti bẹ̀rẹ̀, kò sì tíì tán nílẹ̀. Tamil, ẹ̀yà kan láti gúúsù Íńdíà àti Sri Lanka, ni ọ̀kan nínú àwa tá a jọ ń ṣiṣẹ́ alẹ́, Chennai, olú ìlú ìpínlẹ̀ Tamil Nadu ní Íńdíà, ni wọ́n ti bí i. Ó ní fíìmù tí ìyá òun fẹ́ràn jù lọ, ará Ìránì ló ṣe é: ọmọkùnrin kan sọ bàtà àbúrò rẹ̀ nù, ni àwọn méjèèjì bá ń pín bàtà kan ṣoṣo wọ̀ lọ sílé ìwé. Ìtàn ọ̀hún ò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Kò sórin, kò síjà, kò sí ọmọ olówó tó dẹnu ìfẹ́ kọ ọmọ tálákà. Mo ní, "Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ní Rajinikanth, gbajúmọ̀ òṣèré yín, tẹ́ ẹ máa ń da wàrà sórí àwòrán òṣèré lọ́jọ́ tí fíìmù rẹ̀ bá jáde, ẹ̀yin náà lẹ jókòó ti ìyẹn?" Inú bí i. Lójú tèmi, ìṣẹ́ ló fà á: ẹni tó ti jìyà rí ló ń wo ẹni tó ń jìyà. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ máa ń wo sinimá ilẹ̀ òkèèrè, ṣé mo ṣì í sọ ni?

* * *

Ó yẹ kínú bí i. Fíìmù tí ìyá rẹ̀ ń wò ni "Children of Heaven" tí Majid Majidi ṣe lọ́dún 1997, èyí tó wà lára márùn-ún tí wọ́n yàn fún Oscar fíìmù ilẹ̀ òkèèrè lọ́dún 1999. Ìṣẹ́ wà níbẹ̀ lóòótọ́. Àmọ́ tó bá jẹ́ ìṣẹ́ nìkan ni Tamil ń wá, kí ni yóò wá a dé Tehran fún? Fíìmù tiwọn kún fún un. M.G. Ramachandran, tó padà di olórí ìjọba ìpínlẹ̀ Tamil Nadu lọ́dún 1977, ṣe apẹja, ó ṣe àgbẹ̀, ó ṣe ẹni tó ń fi ríkíṣọ̀ gbé èèyàn. Ìṣẹ́ inú fíìmù tirẹ̀ ní olùgbàlà: akọni á dé, á lu ìkà bolẹ̀, ohun ìní á padà sọ́wọ́ ẹni tó ni ín.

Nínú fíìmù Majidi, kò sẹ́ni tó ń bọ̀. Ali àti àbúrò rẹ̀, Zahra, ò jẹ́ kí bàbá wọn gbọ́ pé bàtà ti sọnù. Wọ́n ń bẹ̀rù ẹgba, bẹ́ẹ̀ ni, àmọ́ wọ́n tún mọ̀ pé kò lówó tó máa fi ra òmíràn. Ibì kan wà tí bàbá yẹn jókòó, tó ń fọ́ ṣúgà mọ́sáláṣí sí wẹ́wẹ́, òkìtì rẹ̀ wà níwájú rẹ̀. Zahra gbé tíì wá fún un. Ó ní kó bá òun mú ṣúgà wá. Ọmọ ní ṣebí ṣúgà ló kún iwájú yín yìí. Bàbá ní ti mọ́sáláṣí nìyẹn, kì í ṣe tiwa. Mo ti wo fíìmù yìí pẹ̀lú àwọn Tamil ju ẹ̀ẹ̀kan lọ. Ibi tí ọmọ ti ń sunkún nítorí bàtà kọ́ ni àwọn àgbà wọn ti máa ń mí kanlẹ̀, ibi ṣúgà yẹn ni.

Tún wo èyí. Zahra rí bàtà rẹ̀ lẹ́sẹ̀ ọmọ mìíràn nílé ìwé. Ó tọ ọmọ náà délé, ó padà lọ mú ẹ̀gbọ́n rẹ̀ wá. Wọ́n dúró lókèèrè, wọ́n rí i tí bàbá ọmọ náà jáde síta: afọ́jú ni. Wọ́n wo ojú ara wọn, wọ́n sì yí padà sílé láì béèrè bàtà. Tó bá jẹ́ ìṣẹ́ ni kókó fíìmù yìí, kí ló dé tí ẹni tí kò ní bàtà fi bàtà tirẹ̀ sílẹ̀ fún ẹlòmíràn? Ojútì tó wà láàárín ẹbí, ohun tí wọ́n fi síkàáwọ́ ẹni, ẹrù tí ọmọ ò fẹ́ kó kún ti bàbá rẹ̀: ìyẹn ni Tamil ń wò.

* * *

Ẹ̀yin mẹ́ta lẹ ti kọ ọ́ báyìí pé ohun tó fà á ò le: fíìmù Ìránì mọ́. Kò sí ìfẹnukonu, kò sí ìhòòhò, bàbá àti ìyá àti ìyá àgbà lè jókòó pẹ̀lú ọmọ láìsí ẹni tó ń sáré wá rìmóòtù. Ọ̀pọ̀ òbí Tamil ló ń sọ bẹ́ẹ̀ náà, mo sì gbà pé bó ṣe rí nílé wọn nìyẹn. Mi ò gbà pé òun ni ìdí.

Òfin ló sọ fíìmù wọ̀nyẹn di bẹ́ẹ̀. Lẹ́yìn tí ìjọba Ìránì yí padà lọ́dún 1979, ó di dandan kí obìnrin bo irun rẹ̀ nínú fíìmù, kódà nínú yàrá tirẹ̀ níbi tí kò ti sí àlejò kankan. Ọkùnrin àtobìnrin ò gbọ́dọ̀ fọwọ́ kan ara wọn, ì báà jẹ́ tọkọtaya ni wọ́n ń ṣe. Ta ló lè fi irú òfin bẹ́ẹ̀ sọ òótọ́ nípa inú ilé? Ìyẹn wà lára ohun tó mú kí ọ̀pọ̀ olùdarí fíìmù wọn gba ọ̀dọ̀ ọmọdé lọ, torí ọmọ lè dì mọ́ ìyá rẹ̀, ó sì lè sáré káàkiri ìgboro. Ọ̀nà yẹn ti là ṣáájú òfin pàápàá. Kanoon ni wọ́n ń pe ilé iṣẹ́ tí wọ́n dá sílẹ̀ lọ́dún 1965 fún ìwé àti iṣẹ́ ọnà àwọn ọmọdé, ibẹ̀ ni Abbas Kiarostami ti bẹ̀rẹ̀ fíìmù ṣíṣe, òun náà ló sì wà lẹ́yìn "Where Is the Friend's House?" ti ọdún 1987, níbi tí ọmọ kan ti ń ti abúlé dé abúlé kó lè dá ìwé iṣẹ́ ilé padà fún ọ̀rẹ́ rẹ̀ tí tíṣà ti lérí mọ́.

Ẹ má sì gbàgbé Jafar Panahi. Òun ló ṣe "The White Balloon" lọ́dún 1995, ìtàn ọmọbìnrin kékeré tó fẹ́ ra ẹja fún ọdún tuntun, tí owó rẹ̀ wá já sínú ihò. Fíìmù yẹn gba Caméra d'Or, àmì-ẹ̀yẹ fún fíìmù àkọ́kọ́ tí olùdarí ṣe, ní àjọ̀dún fíìmù Cannes. Lọ́dún 2010, ilé ẹjọ́ Ìránì dá ẹ̀wọ̀n ọdún 6 fún ọkùnrin yìí kan náà, wọ́n sì kà á léèwọ̀ fún un pé kò gbọ́dọ̀ ṣe fíìmù fún 20 ọdún. Ó máa ń dùn mí tí òbí bá ń yin fíìmù wọ̀nyí pé wọ́n mọ́, bí ẹni pé àwọn tó ṣe wọ́n ló fínnúfíndọ̀ yàn án bẹ́ẹ̀, tí ìyà tó wà lẹ́yìn rẹ̀ ò sì yé e rárá.

Yàtọ̀ síyẹn, eré tẹlifíṣọ̀n tí gbogbo ilé lè jókòó wò ò wọ́n ní Chennai. Kò sí èyí tó ń mú kí ìyá arúgbó dákẹ́ fún ìṣẹ́jú márùn-ún lẹ́yìn tó bá parí.

* * *

Àbúrò wa kan ní Tamil tó bá ń wo fíìmù tí kò lórin, oorun á gbé e lọ, àti pé àwọn alákọ̀wé díẹ̀ ló ń sọ pé àwọn fẹ́ràn ti Ìránì. Rárá o.

Ọdún 1954 ni S. Balachander ti ṣe "Andha Naal", fíìmù Tamil tí kò ní orin kankan, Sivaji Ganesan tí gbogbo wọn ń pọ́n lé ló sì kó ipa pàtàkì níbẹ̀. Lọ́dún 1988, Balu Mahendra ṣe "Veedu". Obìnrin kan tó ń ṣiṣẹ́ ọ́fíìsì ní Madras (orúkọ tí Chennai ń jẹ́ tẹ́lẹ̀) fẹ́ kọ́ ilé kékeré kan fún òun, àbúrò rẹ̀ àti bàbá wọn àgbà. Owó ò pé. Agbaṣẹ́ṣe ń jí símẹ́ńtì. Níkẹyìn wọ́n ní ilẹ̀ náà ti bọ́ sọ́wọ́ àjọ omi ìjọba. Láàárín gbogbo wàhálà yìí, bàbá àgbà lọ wo ilé tí wọn ò tíì kọ́ parí, ó ń rìn nínú rẹ̀, ó ń fọwọ́ pa ara ògiri. Kò sẹ́ni tó kọrin nínú rẹ̀. Ẹni tó bá ti wo "Veedu", kó lọ wo fíìmù Ìránì èyíkéyìí tó dá lórí ilé, kó wá sọ fún mi pé nǹkan àjèjì lòun rí.

Ti ẹ̀gbọ́n àti àbúrò ńkọ́? "Pasamalar" ti ọdún 1961, Sivaji àti Savitri, ọmọ òrukàn méjì. Orin pọ̀ nínú ìyẹn, àmọ́ títí dòní, bí ẹ̀gbọ́n ọkùnrin kan bá ń kẹ́ àbúrò rẹ̀ obìnrin láàárín àwọn Tamil, orúkọ fíìmù yẹn ni wọ́n fi ń pè wọ́n. Ìgbà tí Ali àti Zahra bọ́ sójú wọn, wọ́n ti ní àyè tí wọ́n máa fi wọ́n sí.

Nítorí náà, èrò mi rè é. Tamil ò lọ wá nǹkan tuntun ní Ìránì. Sinimá tiwọn ti ń ṣe é rí, kí owó òṣèré ńlá tó tì í sẹ́yìn. Majidi àti Kiarostami dá a padà fún wọn lédè mìíràn.

Bó ṣe dé ọ̀dọ̀ wọn náà yẹ ká sọ. Àwọn kan ń sọ pé A.R. Rahman ló gbé e wá. Ọmọ Chennai ni Rahman lóòótọ́, òun ló sì ṣe orin fún fíìmù tí Majidi ṣe nípa Ànábì lọ́dún 2015, àti "Beyond the Clouds" tó ṣe ní Mumbai lọ́dún 2017, tó tún jẹ́ ìtàn ẹ̀gbọ́n àti àbúrò. Àmọ́ ìfẹ́ yẹn ti wà nílẹ̀ kí ìyẹn tó ṣẹlẹ̀. Chezhiyan, ayàwòrán fíìmù tó padà di olùdarí, ń kọ̀wé nípa sinimá àgbáyé sínú Ananda Vikatan, ìwé ìròyìn tí ìyá àti ọmọ ń kà nínú ilé, kì í ṣe ti yunifásítì. Àjọ̀dún fíìmù àgbáyé ti Chennai bẹ̀rẹ̀ lọ́dún 2003. Lẹ́yìn náà ni àwọn tó ń ta díìsìkì ayédèrú ní Burma Bazaar, ọjà kan ní Chennai. Mi ò fọwọ́ sí olè jíjà, ṣùgbọ́n ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ tó ń ṣe fíìmù Tamil lónìí ti rí Kiarostami.

* * *

Sí ẹni tó béèrè pé ṣé ẹ̀sìn ò dí wọn lọ́wọ́, torí Híńdù ló pọ̀ jù nínú wọn: kò dí wọn. Àwọn Mùsùlùmí àti Kristẹni Tamil náà kò kéré. Ẹ jẹ́ ká kọjá síbi tí ìjà wà.

* * *

Ìjà wà lórí àtúnṣe. Apá kan ní tó bá jẹ́ pé wọ́n fẹ́ràn "Children of Heaven" tó bẹ́ẹ̀, kí wọ́n tún un ṣe lédè Tamil kí gbogbo èèyàn lè gbádùn rẹ̀. Wọ́n ti gbìyànjú rẹ̀. Ti Híńdì ló kọ́kọ́ jáde, "Bumm Bumm Bole" tí Priyadarshan ṣe lọ́dún 2010. Wọ́n fi ọ̀rọ̀ apániláyà há inú ìtàn bàtà, bí ẹni pé bàtà nìkan ò wúwo tó. Nígbà tó di 2022, Samy ṣe ti Tamil, "Akka Kuruvi", Ilaiyaraaja sì ṣe orin rẹ̀. Ó gbìyànjú láti má ṣe yẹsẹ̀ kúrò lójú ìtàn, mo sì bọ̀wọ̀ fún un. Síbẹ̀ mi ò rí Tamil kan tó sọ fún mi pé èyí ló wọ òun lọ́kàn ju ti Majidi lọ.

Ẹ fi í wé "Kaaka Muttai" tí M. Manikandan ṣe, tó dé sinimá lọ́dún 2015. Kò tún fíìmù ẹnikẹ́ni ṣe. Ọmọkùnrin méjì ní àdúgbò àwọn tálákà Chennai, bàbá wọn wà lẹ́wọ̀n, wọ́n ń ṣa èédú tó bá já bọ́ láti ara rélùwéè láti tà. Wọ́n gé igi tí àwọn ọmọ náà ti máa ń kó ẹyin ẹyẹ ìwò, wọ́n kọ́ ilé ìtajà písà sí ojú ibẹ̀. Àwọn ọmọ rí písà nínú ìpolówó lórí tẹlifíṣọ̀n ọ̀fẹ́ tí ìjọba pín, ọkàn wọn sì fà sí i. Ìyá àgbà wọn gbìyànjú, ó da àlùbọ́sà àti tàtàsé sórí dósà, oúnjẹ pẹlẹbẹ tí àwọn Tamil ń dín, ó ní písà náà rè é. Wọ́n tọ́jú owó títí ó fi pé, ẹ̀ṣọ́ ilé ìtajà sì lé wọn nítorí aṣọ tí wọ́n wọ̀. Àmì-ẹ̀yẹ orílẹ̀-èdè Íńdíà fún fíìmù ọmọdé tó dára jù ló gbà, owó tó pa sì dára ní sinimá, láìsí akọni kankan nínú rẹ̀.

Ẹni tó ń jà pé kí wọ́n máa ṣe àtúnṣe, "Kaaka Muttai" ni mo fi dá a lóhùn. Ohun tí Manikandan gbà lọ́wọ́ ará Ìránì ni sùúrù, pé ìfẹ́ ọkàn ọmọdé sí ohun kékeré kan tó láti gbé odindi fíìmù. Bàtà, ìwé, ẹja, písà. Gbogbo ohun tó kù, Chennai ló ti mú un. P.S. Vinothraj ṣe irú rẹ̀ lọ́dún 2021 pẹ̀lú "Koozhangal": bàbá ọ̀mùtí kan àti ọmọ rẹ̀ ń fẹsẹ̀ rìn padà sílé nínú oòrùn tó mú ganrín-ganrín. Ìyẹn gba Tiger Award, àmì-ẹ̀yẹ tó ga jù ní àjọ̀dún fíìmù Rotterdam. Ọmọ yẹn ò sọ̀rọ̀ púpọ̀, àmọ́ ẹ wo bó ṣe ń ṣọ́ bàbá rẹ̀.

* * *

Ẹ̀gbọ́n kan bá mi wí pé mo ń sọ̀rọ̀ bí ẹni pé ọmọdé nìkan ni ẹbí. Ó tọ̀nà. Nínú ilé Tamil tí mo mọ̀, fíìmù Ìránì tó dá àríyànjiyàn sílẹ̀ jù lọ kì í ṣe ti bàtà. "A Separation" ti Asghar Farhadi ni, ti ọdún 2011, tó gba Oscar lọ́dún tó tẹ̀ lé e.

Simin fẹ́ kó lọ sílẹ̀ òkèèrè nítorí ọjọ́ ọ̀la ọmọbìnrin wọn. Nader, ọkọ rẹ̀, ní òun ò lè fi bàbá òun sílẹ̀, bàbá tí ọpọlọ rẹ̀ ti ṣá débi pé kò dá ọmọ mọ̀ mọ́. Obìnrin ní bàbá rẹ ò tiẹ̀ mọ̀ pé ọmọ òun ni ẹ́. Ọkùnrin ní èmi mọ̀ pé bàbá mi ni.

East Ham, ní ìlà oòrùn London, ni mò ń gbé. Àwọn Tamil láti Sri Lanka pọ̀ ládùúgbò wa, ọ̀pọ̀ nínú wọn ló sá kúrò nígbà ogun tó jà láti 1983 sí 2009. Ilé aládùúgbò mi la ti wò ó. Nígbà tí ọ̀rọ̀ yẹn jáde lẹ́nu Nader, ọkọ ilé náà dìde, ó ní, "Ẹ gbọ́ ọ, ọmọ gidi nìyẹn." Ìyàwó rẹ̀ dá a lóhùn lójú ẹsẹ̀: "Ta ló ń wẹ bàbá náà?" Torí nínú fíìmù, Nader kọ́ ló wà nílé lójú ọ̀sán, ó gba obìnrin tálákà kan, Razieh, tó ń ti ọ̀nà jíjìn wá. Nígbà tí bàbá arúgbó yìí tọ̀ sára, ńṣe ni Razieh pe ojú òpó ẹ̀sìn lórí fóònù láti béèrè bóyá ẹ̀ṣẹ̀ ni kí òun pààrọ̀ aṣọ fún un. Ìyá ọkọ ilé náà ṣì wà ní Jaffna, ní Sri Lanka, nígbà yẹn, ẹ̀gbọ́n obìnrin tí kò lọ́kọ ló ń tọ́jú rẹ̀, owó sì ń ti London lọ lóṣooṣù. Àwọn tọkọtaya yìí ò jiyàn nípa Ìránì mọ́ lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Ọmọbìnrin wọn tó ti ń lọ sí yunifásítì ló sọ ohun tí mi ò gbàgbé, pé àwọn méjèèjì jàre, ìyẹn gan-an ló sì burú.

Ibi ìbúra ìparí náà mú wọn. Wọ́n ní kí Razieh fọwọ́ lé Kùránì, kó búra kó lè gba owó tí ilé rẹ̀ nílò, kò sì lè ṣe é torí pé kò dá a lójú. Àwọn Tamil náà máa ń fi orí ọmọ wọn búra. Kò sẹ́ni tó ní láti ṣàlàyé fún wọn ìdí tí ọwọ́ obìnrin yẹn fi wúwo. Ẹni tó béèrè nípa ẹ̀sìn, ìdáhùn tìrẹ rè é pẹ̀lú.

* * *

Ìyá ọlọ́mọ méjì tó kọ̀wé lánàá: o ní ọmọ rẹ ọlọ́dún mẹ́jọ sùn lọ, torí kò lè yára ka ọ̀rọ̀ tí wọ́n kọ sí ìsàlẹ̀ àwòrán. Àwọn kan ti sọ fún ẹ pé kó o wá èyí tí wọ́n ti fi ohùn mìíràn rọ́pò ohùn àwọn òṣèré. Má ṣe bẹ́ẹ̀ o, jọ̀ọ́. Ohùn ọmọ yẹn, bó ṣe ń gbọ̀n tó bá ń purọ́ fún tíṣà, ìdajì fíìmù nìyẹn.

Ìyá ìyàwó aládùúgbò mi ò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, kò sì gbọ́ èdè Páṣíà. Ọmọ-ọmọ rẹ̀ ló máa ń jókòó tì í, tó ń sọ ọ́ fún un lédè Tamil. Tó bá fi máa tó ìdajì, ìyá á ní kó dákẹ́, òun ti mọ ohun tí wọ́n ń sọ. Ìwọ náà kà á sókè fún ọmọ rẹ lédè tó bá yé e, má sì kà gbogbo rẹ̀. Bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú "Children of Heaven", torí eré sísá wà níparí rẹ̀, ọmọdé á fẹ́ mọ ẹni tó máa borí. "The White Balloon" lè tẹ̀ lé e. Jẹ́ kí "The Color of Paradise", tí Majidi ṣe lọ́dún 1999 nípa ọmọ afọ́jú kan, dúró ná títí ó fi máa pé ọdún méjìlá. Bàbá ibẹ̀ ò fẹ́ ọmọ rẹ̀, ìyá àgbà tó fẹ́ràn rẹ̀ sì kú, ọmọ kékeré ò ní rí oorun sùn.

Ti Kiarostami, "Where Is the Friend's House?", ẹ jọ wò ó pa pọ̀. Bàbá àgbà kan wà níbẹ̀ tó ń ṣàlàyé pé nígbà tí òun wà lọ́mọdé, bàbá òun máa ń fún òun lówó díẹ̀, á sì na òun. Ó máa ń gbàgbé owó náà nígbà mìíràn, kì í gbàgbé ẹgba. Àgbà ló kọ́kọ́ máa ń rẹ́rìn-ín sí i, ọmọdé kì í rẹ́rìn-ín. Ọmọ rẹ á bi ẹ́ léèrè, kó o sì ti múra ìdáhùn sílẹ̀.

* * *

Ìwọ tó ni ìbéèrè ti padà wá, o ní kí lo máa wá sọ fún ọ̀rẹ́ rẹ níbi iṣẹ́, torí kò bá ẹ sọ̀rọ̀ dáadáa mọ́. Má lọ bá a pẹ̀lú àlàyé tèmi. Tọrọ gáfárà lórí ọ̀rọ̀ wàrà yẹn, kó o sì béèrè ibi tí ìyá rẹ̀ ti máa ń sunkún nínú fíìmù ọ̀hún. Tó bá ní ibi ṣúgà ni, wá sọ fún wa níbí. Tó bá ní ibòmíràn ni, tètè wá, torí mo fẹ́ mọ̀.